Ẹ Má Fi Hóró Làpálàpá Fọ Inú

Ewúrẹ́ tó ń jẹ páálí, tó ń jẹ ìwé ọmọ iléèwé, tó ń jẹ èèpo iṣu gbígbẹ, kì í fẹnu kan ewé làpálàpá. Ìdí gan-an nìyẹn tí àwọn bàbá wa fi ń gbìn ín yí oko àti ẹ̀yìnkùlé ká: ẹran kò ní jẹ ẹ́, ọ̀dá kò ní pa á, ẹ̀ka tí a bá sì gé, tí a rì mọ́lẹ̀, yóò hù. Bí ẹran ọ̀sìn bá gbọ́n tó láti kọjá lọ, kí ló dé tí àwa ènìyàn ń ká èso igi náà, tí à ń là á, tí à ń gbé hóró rẹ̀ mì lórúkọ oògùn?

Ohun tí mo gbọ́ ní ìsọ̀ ẹlẹ́wé ọmọ kan ló mú mi kọ èyí. Obìnrin kan wá síbẹ̀, ó ní òun kò rí ìgbẹ́ yà fún ọjọ́ mẹ́rin. Ẹni tó ń tajà ka hóró làpálàpá márùn-ún sí i lọ́wọ́, ó ní kó jẹ ẹ́ láàárọ̀ kí ó tó fi nǹkan mìíràn kan ẹnu, pé jẹ̀díjẹ̀dí tó bá wà nínú rẹ̀ yóò bá a jáde. Mo dá sí i. Wọ́n ní kí n má ba ọjà jẹ́. Ohun tí mo sọ fún obìnrin náà lójú wọn ni mo tún ń sọ fún gbogbo ẹ̀yin tí ẹ ń kà á yìí: ẹ má jẹ ẹ́. Ẹ má jẹ márùn-ún, ẹ má jẹ mẹ́ta, ẹ má jẹ ẹyọ kan.

Igi yìí kì í ṣe àjèjì sí wa. Àwọn kan ń pè é ní bọ̀tujẹ̀. Oje rẹ̀ la ń kán sójú ọgbẹ́ kí ẹ̀jẹ̀ lè dá. Òun làwọn ìyá ń fi pa ahọ́n ọmọ ìkókó tó bá ń funfun. Ewé rẹ̀ ń bọ́ sínú àgbo ibà, a sì ń fi í pa làpálàpá ara, àìsàn awọ tí òun àti igi jọ ń jẹ́ orúkọ kan náà. N kò bá ẹni tó ń kán oje sójú ọgbẹ́ jà, bí mo tilẹ̀ fẹ́ kó mọ̀ pé oje náà kì í ṣe ohun tí à ń gbé mì. Ṣùgbọ́n oore tí oje ń ṣe ló jẹ́ kí a fọkàn tán hóró. A rò pé igi kan kì í ní ìwà méjì.

Ẹ jẹ́ ká wo èso náà dáadáa. Bí ó bá ṣì tutù, ó ṣe roboto, àwọ̀ ewé ló ní. Bí ó bá pọ́n, á di pupa rúsúrúsú bí ọsàn tó gbó, lẹ́yìn náà á gbẹ, á dúdú, á sán fúnra rẹ̀. Hóró dúdú mẹ́ta ló sábà máa ń wà nínú rẹ̀. Fi òkúta la èèpo dúdú yẹn, wàá rí funfun kan nínú rẹ̀ tó lọ́ràá, tó dà bí ẹ̀pà tí a bó. Bí ọmọdé bá fi í sẹ́nu, ẹ̀pà náà ló máa rò pé òun ń jẹ. Ibi tí ewu wà nìyí. Ewúro korò, dóńgóyárò korò, ahọ́n ọmọdé á tu wọ́n dànù kí wọ́n tó dé ọ̀fun. Hóró làpálàpá dùn.

Mo mọ̀ bẹ́ẹ̀ nítorí pé mo jẹ ẹ́ rí. Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni mí, ìsinmi iléèwé ni, ilé bàbá àgbà wa la wà. Àwa mẹ́rin jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ ọgbà, à ń fi oje làpálàpá fẹ́ ìhó bí gbogbo ọmọdé ti ń ṣe. Nígbà tí ìhó sú wa, a bẹ̀rẹ̀ sí í la èso tó já bọ́ sílẹ̀. Èyí tó dàgbà jù nínú wa ló kọ́kọ́ tọ́ ọ wò, ó ní ẹ̀pà ni. Èmi jẹ méjì, wọ́n sì rán mi lọ pọnmi. Àbúrò mi, ọmọ ọdún mẹ́fà, kò níṣẹ́ kankan tí wọ́n rán an. Ó jẹ ẹ́ títí èèpo fi kún iwájú rẹ̀.

Kò tó wákàtí kan. Ọ̀fun bẹ̀rẹ̀ sí í ta á bí ẹni tó gbé ata mì. Ó bì, ó tún bì. Ìgbẹ́ gbuuru tẹ̀ lé e, omi lásán ló ń jáde, nígbà tó ṣe, ẹ̀jẹ̀ hàn nínú rẹ̀. Ìyá àgbà, tí àánú ọmọ ń dà láàmú, bu epo pupa sí i lẹ́nu. Epo gba ọ̀nà òdì, ọmọ bẹ̀rẹ̀ sí í wúkọ́, kò rí èémí mí dáadáa. Nígbà tí bàbá mi fi máa gbé e dé ilé ìwòsàn, ojú rẹ̀ ti jìn wọnú, ètè rẹ̀ ti gbẹ, bí nọ́ọ̀sì sì ṣe fún awọ ikùn rẹ̀, ibi tó fún náà kò tètè padà sípò. Ọjọ́ mẹ́ta ni wọ́n fi fa omi sí i lára. Wọ́n bi wá léèrè ohun tó jẹ. Gbogbo wa dákẹ́ nítorí ẹ̀rù ẹgba. Inú ń run èmi náà, mo fi pamọ́. Ó di alẹ́ kí n tó jẹ́wọ́.

Ohun tó ṣe àbúrò mi yẹn gan-an ni wọ́n ń tà ní ìsọ̀ tí wọ́n ń pè ní "fífọ inú". Kò sí ìyàtọ̀ kankan. Hóró yìí kì í wá ìdọ̀tí kiri nínú ìfun bí ìgbálẹ̀. Májèlé ló wà nínú rẹ̀, ìfun ló ń jó, ara ló sì ń tú omi sílẹ̀ kó lè ti ọ̀tá jáde. Hóró mẹ́ta péré ti tó láti dá èébì àti ìgbẹ́ gbuuru sílẹ̀. Agbára rẹ̀ kì í sì í dọ́gba láti igi kan sí èkejì, nítorí náà ẹni tó ní òun mọ ìwọ̀n tó yẹ ń purọ́ ni, àní bí òun fúnra rẹ̀ kò tiẹ̀ mọ̀ pé irọ́ ni.

Oríṣi oró méjì ló ṣe pàtàkì nínú rẹ̀. Àkọ́kọ́ ń jẹ́ curcin, ẹbí kan náà ni òun àti ricin tó wà nínú hóró làrà. Iṣẹ́ rẹ̀ ni láti dá sẹ́ẹ̀lì ara dúró kó má lè ṣe purotéènì tó fi ń tún ara rẹ̀ kọ́. Ìkejì ni phorbol ester, inú ọ̀rá hóró náà ló ń gbé, òun ló ń ta ọ̀fun, tó ń bó ìfun. Iná lè pa curcin. Iná kò ran phorbol ester. Nítorí náà, ẹni tó yan hóró yìí, tó sè é, tó sì ní òun ti lé oró rẹ̀ jáde, ìdajì iṣẹ́ ló ṣe, ìdajì tó kù sì tó láti gbé ènìyàn dè. Aboyún kò gbọ́dọ̀ sún mọ́ ọn rárá.

Bí igi yìí tilẹ̀ mọ́ wa lára, ilẹ̀ Mẹ́síkò àti àyíká rẹ̀ ló ti wá. Àwọn Potogí ló gbé e sọdá òkun, wọ́n gbìn ín púpọ̀ ní erékùṣù Cape Verde, wọ́n sì ń kó hóró rẹ̀ lọ sí Lisbon láti fi ṣe ọṣẹ àti epo àtùpà. Lọ́dún 1753, onímọ̀ ewéko Linnaeus sọ ọ́ ní Jatropha curcas. Ọ̀rọ̀ Gíríìkì méjì ló bí Jatropha: oníṣègùn àti oúnjẹ. Orúkọ yẹn lè tan ènìyàn. Àwọn apòògùn ilẹ̀ Yúróòpù náà fi í mú ènìyàn yàgbẹ́ nígbà kan, ṣùgbọ́n àwọn tó rí iṣẹ́ rẹ̀ ló pe epo rẹ̀ ní epo ọ̀run àpáàdì. Ní oṣù Kejìlá ọdún 2008, iléeṣẹ́ Air New Zealand po epo yìí mọ́ epo ọkọ̀ òfuurufú, wọ́n fi wa ọ̀kan nínú ẹ́ńjìnnì Boeing 747 lójú sánmà. Ibi tó wúlò sí nìyẹn.

Ẹnì kan lè sọ pé àwọn ará Mẹ́síkò kan ń yan án jẹ. Òótọ́ ni. Irú kan wà ní ìhà Veracruz tí oró rẹ̀ kò tó nǹkan. Kì í ṣe irú yẹn ló wà lẹ́yìnkùlé wa, ojú lásán kò sì lè yà wọ́n sọ́tọ̀.

Bí ọmọ bá ti jẹ ẹ́, ẹ má fún un ní epo pupa. Ẹ má ki ìka bọ̀ ọ́ lọ́fun kó lè bì. Ẹ yọ èyí tó kù lẹ́nu rẹ̀, ẹ fi omi fọ ẹnu náà, ẹ mú èso tàbí èèpo rẹ̀ dání, kí ẹ sì gba ilé ìwòsàn lọ lójú ẹsẹ̀, bí inú kò tilẹ̀ tíì bẹ̀rẹ̀ sí í run ún. Kò sí oògùn tó ń pa oró yìí. Omi tó ń jáde lára ni àwọn dókítà máa ń dá padà, ọ̀pọ̀ ọmọ ló sì ń yè bí wọ́n bá tètè dé. Bí ọ̀nà bá jìn, tí ọmọ sì lè gbé nǹkan mì, ẹ po ORS, iyọ̀ àti ṣúgà inú ọ̀rá tí à ń pò mọ́ omi, fún un. Bí kò bá sí, ẹ fi ṣíbí tíì ṣúgà mẹ́fà gẹ́rẹ́gẹ́ àti ìdajì ṣíbí tíì iyọ̀ sínú omi mímọ́ lítà kan, kí ó máa mu ún díẹ̀díẹ̀. Ẹ̀yin òbí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbé ẹgba jù sílẹ̀ kí ẹ tó bi í léèrè. Wákàtí tí àwa yòókù fi dákẹ́ lọ́jọ́ yẹn, àbúrò mi ló san owó rẹ̀.

Ọgbà ilé bàbá àgbà wa ṣì wà. A kò hú u, ṣùgbọ́n bí èso rẹ̀ bá ti ń yọ, kí ó tó gbó, àbúrò mi fúnra rẹ̀ ló máa ń gbé àdá, tó ń gé orí rẹ̀ lulẹ̀ láti ìkángun kan dé ìkejì, tí á sì kó gbogbo rẹ̀ sínú kòtò kan, tí á bò ó. Ó ti bá ọ̀gá iléèwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ tó wà lójú ọ̀nà wọn sọ̀rọ̀ nípa tiwọn, nítorí ọgbà làpálàpá ni wọ́n fi yí pápá ìṣeré àwọn ọmọ ká.