Ọmọdé, Lébírà àti Kòkó Wa: Kí Ni Ilé-iṣẹ́ Ńlá Jẹ Wá, Kí Ni Àwa Náà Jẹ?

Nínú ẹ̀kọ́ ti òní, a ò ní sọ̀rọ̀ nípa bí a ṣe ń gé ẹ̀ka kòkó tàbí bí a ṣe ń po oògùn. Ọ̀rọ̀ àwọn tó ń bá wa ṣiṣẹ́ lóko la fẹ́ sọ, àti ọ̀rọ̀ àwọn ilé-iṣẹ́ ńlá òkè òkun tó ń ra kòkó wa. Ẹ má sọ pé ọ̀rọ̀ náà jìnnà. Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí ojú mi rí.

Ní abúlé kan tí mo ti ń ṣiṣẹ́, aṣojú olùrà kòkó kan gbé fọ́ọ̀mù wá, ó ní kí àwọn àgbẹ̀ tẹ̀ka sí i. Bàbá kan tẹ̀ ẹ́. Nígbà tí mo ka ìwé náà fún wọn, ohun tó wà níbẹ̀ ni pé ọmọ tí kò tíì pé ọdún 18 kò gbọdọ̀ fín oògùn lóko náà, àti pé olùrà yóò fi owó díẹ̀ lé iye tó ń ra kòkó lọ́wọ́ àgbẹ̀ tó bá pa àdéhùn mọ́. Bàbá wo ọmọ-ọmọ wọn, ọmọ ọdún 13, tó pọn táńkì oògùn sẹ́yìn. Wọ́n ní, "Ọmọ mi, èmi ò mọ̀ pé ohun tí mo tẹ̀ka sí nìyẹn. Owó tí wọ́n lé ńkọ́? Mi ò rí i o." Mi ò rí èsì fọ̀ lọ́jọ́ náà. Ìdí tí mo fi kọ ẹ̀kọ́ yìí nìyẹn.

Ọ̀RỌ̀ NÁÀ TI PẸ́

Ní ọdún 1901, William Cadbury, ọ̀kan nínú ìdílé tó ni ilé-iṣẹ́ ṣokoléètì Cadbury ní Ìlú Ọba, gbọ́ pé wọ́n ń lo ènìyàn bí ẹrú lóko kòkó ní erékùṣù São Tomé, tó wà lábẹ́ àwọn Potogí nígbà náà. Láti Àǹgólà ni wọ́n ti ń kó wọn wá. Lórí ìwé, lébírà ọlọ́dún márùn-ún ni wọ́n, ṣùgbọ́n púpọ̀ nínú wọn kò padà sílé mọ́. Ilé-iṣẹ́ náà rán Joseph Burtt lọ wádìí ní 1905. Ọdún 1909 ni Cadbury, Fry àti Rowntree tó ṣẹ̀ṣẹ̀ dáwọ́ ríra kòkó ibẹ̀ dúró. Ẹ kà á: ọdún 8 lẹ́yìn tí wọ́n ti gbọ́. Ní gbogbo àkókò yẹn, wọ́n ṣì ń rà á.

ÌLÉRÍ ỌDÚN 2001

Ní oṣù kẹsàn-án 2001, àwọn ilé-iṣẹ́ ṣokoléètì ńlá fọwọ́ sí àdéhùn kan ní Amẹ́ríkà. Harkin-Engel ni wọ́n ń pè é, orúkọ àwọn aṣòfin méjì tó dúró lé e lórí. Wọ́n ní àwọn yóò mú iṣẹ́ ọmọdé tó burú jù lọ kúrò nínú kòkó Ivory Coast àti Gánà. Ọdún 2005 ni wọ́n dá. Kò ṣeé ṣe. Wọ́n sún un sí 2008, wọ́n tún sún un síwájú, wọ́n wá ní tó bá fi máa di 2020, iṣẹ́ náà yóò ti dín ní 70 nínú ọgọ́rùn-ún. Ní 2020 yẹn gan-an, ìwádìí kan láti Yunifásítì Chicago fi hàn pé bíi mílíọ̀nù 1.56 ọmọ ló ṣì wà nínú iṣẹ́ kòkó tí kò tọ́ sí wọn ní orílẹ̀-èdè méjèèjì.

Àwọn ọkùnrin 6 láti Málì tilẹ̀ pe Nestlé USA àti Cargill lẹ́jọ́ ní Amẹ́ríkà. Wọ́n ní wọ́n kó àwọn lọ sóko kòkó ní Ivory Coast nígbà tí àwọn wà lọ́mọdé. Ẹjọ́ tó bẹ̀rẹ̀ ní 2005 ni. Ní 2021, Ilé-ẹjọ́ Gíga Jù Lọ níbẹ̀ ní ohun tí wọ́n fi kan àwọn ilé-iṣẹ́ náà kò fi bẹ́ẹ̀ ṣẹlẹ̀ lórí ilẹ̀ Amẹ́ríkà, nítorí náà ẹjọ́ náà kò lè dúró. Kóòtù kò sọ pé ìyà ò jẹ wọ́n o.

KÍ LÓ DÉ TÍ ÌLÉRÍ FI Ń YẸ̀?

Owó ni. Àgbẹ̀ tí kò rówó san fún géńdé, ọmọ rẹ̀ ni yóò gbé táńkì fún. Gánà àti Ivory Coast mọ èyí. Ní 2019, wọ́n ní kí àwọn olùrà máa san 400 dọ́là lé iye owó tọ́ọ̀nù kòkó kọ̀ọ̀kan, láti ìkórè 2020/21. Ní tiwa, láti ìgbà tí ìjọba ti pa Kòkó Bọ́ọ̀dù rẹ́ ní 1986, kò sí ẹni tó ń bá wa dá iye lé kòkó. Ẹni tí kò bá béèrè, wọn ò ní fún un.

KÍ NI ÒFIN WÍ?

Kì í ṣe gbogbo iṣẹ́ ni kò tọ́ sí ọmọ. Ọmọ tó bá ìyá rẹ̀ sá kòkó lẹ́yìn ilé-ìwé kò rú òfin. Ohun tí òfin kọ̀ ni iṣẹ́ tó lè pa á lára tàbí tó ń gba ìwé lọ́wọ́ rẹ̀. Òfin Ẹ̀tọ́ Ọmọdé ti 2003 wà, àwọn ìpínlẹ̀ ilẹ̀ Yorùbá sì ti sọ ọ́ di tiwọn.

Lébírà náà ní ẹ̀tọ́. Òfin iṣẹ́ ilẹ̀ wa ní owó ni kí a san fún un, kì í ṣe ọjà. Kò gbọdọ̀ ju oṣù kan lọ kó tó rí owó rẹ̀ gbà. Kó tó pé oṣù mẹ́ta lẹ́nu iṣẹ́, a gbọ́dọ̀ kọ àdéhùn rẹ̀ sílẹ̀ fún un. Ẹ ò rí i pé àṣà "ó di ìparí ọdún" tí a mọ̀ kò bá òfin mu?

Ilẹ̀ Yúróòpù pẹ̀lú ṣe òfin kan ní 2023: kòkó tó bá ti inú igbó tí wọ́n pa lẹ́yìn ọdún 2020 jáde, tàbí tí a gbìn láìtẹ̀lé òfin ilẹ̀ ibi tó ti wá, òfin iṣẹ́ pẹ̀lú, kò gbọdọ̀ wọ ọjà wọn. Wọ́n ti sún ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀ síwájú ju ẹ̀ẹ̀kan lọ, ṣùgbọ́n àwọn olùrà ti ń mú ìwé wá.

OHUN TÍ Ẹ Ó ṢE

1. Ẹ má tẹ̀ka sí ìwé tí wọn ò kà fún yín. Ẹ gba ẹ̀dà kan pamọ́.

2. Ọmọ tí kò tíì pé 18 kò gbọdọ̀ po oògùn, kò gbọdọ̀ fín in, kò gbọdọ̀ fọ agolo rẹ̀. Lọ́jọ́ tí ẹ bá ń fín kòkó, kó má dé oko rárá. Ẹ má fi àdá fọ́ kòkó fún ọmọdé ṣe, ẹ má sì di ẹrù tó ju agbára rẹ̀ lọ lé e lórí.

3. Ẹ ra ìwé kan fún lébírà. Ẹ kọ orúkọ rẹ̀, iṣẹ́ rẹ̀, iye tí ẹ jọ dá, àti gbogbo owó tó bá gbà ṣáájú. Kí ẹ̀yin àtòun fọwọ́ sí i níwájú ẹlẹ́rìí. Ìjà ìparí ọdún yóò dín.

4. Bí ẹnì kan bá mú ọmọ wá pé kó máa bá yín ṣiṣẹ́, tí ẹ ò mọ òbí rẹ̀, ẹ má gbà á. Ẹ fi tó ọ́fíìsì ìjọba ìbílẹ̀ tàbí àjọ NAPTIP létí.

5. Ẹ dá owó jọ nínú ẹgbẹ́. Ẹ ra aṣọ ìfínkòkó, ìbọ̀wọ́, ìbomú àti bàtà, kí ẹ sì fi iṣẹ́ náà lé géńdé méjì lọ́wọ́ fún gbogbo ẹgbẹ́.

6. Ẹ bi olùrà ní ìbéèrè mẹ́ta: Èló lẹ ń lé e? Ọjọ́ wo lẹ ó san án? Ta ni yóò fọwọ́ sí i? Ẹ kọ èsì rẹ̀ sínú ìwé ẹgbẹ́.

Ọwọ́ ọmọdé ò tó pẹpẹ, tàgbàlagbà ò wọ kèrègbè. Àwa ò lè mú ilé-iṣẹ́ òkè òkun ṣe òótọ́ tí a bá ń bo tiwa mọ́lẹ̀. Àwọn náà ò sì lè ní kí a tọ́jú ọmọ kí wọ́n má san owó tí yóò jẹ́ ká rí i ṣe.

Bàbá tí mo sọ ńkọ́? Ní ìkórè tó tẹ̀ lé e, ẹgbẹ́ wọn pe aṣojú náà sípàdé, wọ́n ka fọ́ọ̀mù sí i létí. Ó san díẹ̀, ó ku díẹ̀. Ìyókù wà nínú ìwé ẹgbẹ́, wọ́n ṣì ń béèrè rẹ̀. Ṣùgbọ́n ọmọ náà ò pọn táńkì mọ́. Àwọn géńdé méjì ló ń fín kòkó abúlé náà báyìí.

FÚN ÌPÀDÉ Ẹ̀GBẸ́

Ta ló ń fín kòkó lóko yín? Ìgbà wo ni lébírà yín gba owó kẹ́yìn? Ṣé ẹnì kan nínú yín ti rí owó tí olùrà ní òun yóò lé e? Ẹ jọ jíròrò rẹ̀, kí ẹ sì sọ èsì fún òṣìṣẹ́ àgbẹ̀ tó ń bẹ̀ yín wò.

Ire oko á jẹ́ tiwa o.