Imú Dídí Tí Kò Lọ Bọ̀rọ̀

Bí ọyẹ́ bá ti mú ní Ṣágámù, àwọn ará Òfin a máa bi mí pé kí ló dé tí imú wọn ń dí láti oṣù dé oṣù. Ọ̀fìnkìn lásán kì í sábà ju ọ̀sẹ̀ méjì lọ. Èyí tó bá pẹ́ jù bẹ́ẹ̀, eruku tàbí èéfín ìdáná ló sábà ń bí awọ inú imú nínú, tí yóò fi wú, tí ọ̀nà èémí yóò sì há.

Ohun tó ń kọ mí lóminú jù ni oògùn tí a ń kán sí imú, irú èyí tí xylometazoline wà nínú rẹ̀. Ó ń fún iṣan ẹ̀jẹ̀ pọ̀, imú a sì là kíá. Ṣùgbọ́n bí a bá kán an ju ọjọ́ 7 lọ, bí agbára rẹ̀ bá ti ń tán, awọ náà a tún wú ju ti tẹ́lẹ̀, aláìsàn a sì tún kán òmíràn. Bí ó ṣe ń di bárakú nìyẹn. Ẹ dá a dúró, kí ẹ sì fara da ìnira tí yóò kọ́kọ́ wà. Róòbù ń tuni lára lóòótọ́, kò mú wíwú náà lọ.

Ẹ se omi ìdajì lítà kí ó hó, ẹ fi iyọ̀ ṣíbí kékeré 1 sí i. Bí ó bá lọ́ wọ́ọ́rọ́, ẹ fi fọ imú. Dókítà sì lè fún yín ní oògùn mìíràn tí a ń fín sí imú lójoojúmọ́. Ó lè tó ọ̀sẹ̀ méjì kí ẹ tó mọ iṣẹ́ rẹ̀.

Bí ihò imú kan ṣoṣo bá dí ọmọdé, tí ó ń rùn, bóyá ìlẹ̀kẹ̀ tàbí hóró àgbàdo ló kì bọ̀ ọ́. Ẹ má fi igi yọ ọ́ o! Ilé ìwòsàn Yunifásítì Ọlábísí Ọnàbánjọ wà ní Ṣágámù níbí. Ẹ gbé e lọ. Àgbàlagbà tí ihò imú rẹ̀ kan ń dí, tí ó ń ṣẹ̀jẹ̀, kí òun náà má ṣe jáfara.