Ẹ Jẹ́ Kí Ọmọ Sáré Lásán

Ẹnìkan kì í dédé sáré nínú ẹ̀gún: bí kò bá lé nǹkan, nǹkan ní ń lé e. Kò sí ọmọ Yorùbá tí a ó ṣẹ̀ṣẹ̀ máa túmọ̀ ìyẹn fún. Ohun tó mú mi gbé e jáde ni ibi tí mo ti gbọ́ ọ kẹ́yìn, ní ìpàdé òbí àti olùkọ́ ní ilé-ìwé aládàáni kan níbí ní Ìjẹ̀bú-Òde. Ẹni tó ni ilé-ìwé náà dìde, ó ní láti sáà tó ń bọ̀, àwọn ọmọ tó fẹ́ ṣe Common Entrance, ìdánwò àtiwọ ilé-ìwé girama, kò ní í jáde ṣeré lọ́jọ́ Ẹtì mọ́. Ìṣirò ni wọn yóò máa fi wákàtí yẹn ṣe. Àkókò ìsinmi ọ̀sán náà yóò dín kù sí ìdajì. Ìyá kan rọra béèrè pé ṣé kò ní í sú àwọn ọmọ báyìí. Bàbá kan ló dá a lóhùn láti ẹ̀yìn: "Màmá, ẹnìkan kì í dédé sáré nínú ẹ̀gún. Kí ló ń lé wọn tí wọ́n fi ń sá kiri inú ọgbà? Ẹ jẹ́ kí wọ́n jókòó kàwé wọn!" Ni wọ́n bá pàtẹ́wọ́ fún un. Ìyá yẹn jókòó, kò sọ̀rọ̀ mọ́ títí ìpàdé fi tú.

Kí n tó bá wọn jà, ẹ jẹ́ kí n sọ bí ọgbà tí bàbá yẹn ń wí ṣe rí. Ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì tí wọ́n kọ́ fún ìgbé ni, tí wọ́n wá kùn láwọ̀ ọsàn, tí wọ́n ya Mickey Mouse sára ògiri rẹ̀. Íńtálọ́ọ̀kì ni wọ́n tẹ́ sílẹ̀ láti ẹnu géètì dé ẹnu ọ̀nà. Bọ́ọ̀sì ilé-ìwé gba apá kan, mọ́tò ẹni tó ni ín gba apá kejì, jẹnẹrétọ̀ wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ kànga. Ibi tó ṣẹ́ kù, bí àwọn ọmọbìnrin mẹ́rin bá ya súwè síbẹ̀, kò gba ẹlòmíràn mọ́. Ibẹ̀ náà sì ni olùkọ́ máa ń dúró sí pẹ̀lú pàṣán, tí yóò máa pariwo: "Má sáré! Rìn jẹ́ẹ́!" Irú ilé-ìwé bẹ́ẹ̀ kún ìlú yìí fọ́fọ́. Ìjẹ̀bú-Òde Grammar School tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1913, àti Olú-Ìwà tí Olóyè Adéọlá Odùtọ́lá dá sílẹ̀ ní 1945, kò rí báyìí. Àwọn ará ìgbà yẹn mọ̀ pé bí a bá fẹ́ kọ́ ilé-ìwé, a ó wá ilẹ̀ tó gba bọ́ọ̀lù mọ́ ẹ̀kọ́. Tiwa báyìí, bí yàrá bá ti tó mẹ́fà, a ti dé ibẹ̀ nìyẹn.

Mo wo ìwé ọmọ ẹ̀gbọ́n mi kan, ọmọ ọdún mẹ́wàá. Ẹ̀kọ́ eré ìdárayá àti ìlera, tó dá dúró tẹ́lẹ̀, ni ìjọba pa pọ̀ mọ́ sáyẹ́ǹsì, ìmọ̀ ẹ̀rọ àti kọ̀ǹpútà nígbà kan tí wọ́n tún ètò ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ṣe, ó sì di ọmọ kékeré nínú ilé olórogún nígbà náà. Nínú ìwé yẹn, ọmọ náà ti kọ ọ́ dáadáa pé èèyàn mẹ́fà ní í wà ní ìhà kọ̀ọ̀kan nínú volleyball, ó ya àwọ̀n rẹ̀, ó fi rúlà fa ìlà pápá rẹ̀. Olùkọ́ fún un ní gbogbo máàkì. Mo bi í pé báwo ni bọ́ọ̀lù náà ṣe wúwo tó. Ó wò mí bí ẹni pé mo bi í léèrè ìwúwo òṣùpá. Kò tíì fọwọ́ kan án rí.

Ẹ̀yin tí ẹ ní eré ń gba àkókò ìwé, ẹ gbọ́ èyí. Ní 2009, ọ̀jọ̀gbọ́n kan ní Yunifásítì Illinois ní Amẹ́ríkà, Charles Hillman, àti àwọn tí wọ́n jọ ń ṣiṣẹ́, kó ogún ọmọ jọ, ọmọ ọdún mẹ́sàn-án sí mẹ́wàá. Lọ́jọ́ kan, wọ́n ní kí wọ́n jókòó jẹ́ẹ́ fún ogún ìṣẹ́jú kí wọ́n tó fún wọn nídànwò. Lọ́jọ́ mìíràn, wọ́n ní kí wọ́n rìn kánkán lórí ẹ̀rọ fún ogún ìṣẹ́jú, kí wọ́n sinmi díẹ̀, kí wọ́n tó ṣe ìdánwò. Ọjọ́ tí wọ́n rìn ni ọkàn wọn pa pọ̀ jù, ọjọ́ náà ni wọ́n lóye ohun tí wọ́n kà jù. N kò ní í purọ́ fún yín, ìṣirò kò fi bẹ́ẹ̀ yàtọ̀ nínú ìwádìí yẹn. Ṣùgbọ́n kò sí ẹni tó rí i pé ìrìn náà ba nǹkan kan jẹ́. Ogún ìṣẹ́jú péré! Èyí tí ẹ fi ń to àwọn ọmọ sórí ìlà lórí ilẹ̀ àpéjọ láràárọ̀, tí ẹ ń yẹ èékánná wọn wò, jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Ohun tó ń ṣẹlẹ̀ kò ṣòro láti mọ̀. Bí ọmọ bá ń sáré, àyà rẹ̀ ń lù kíkan, ẹ̀jẹ̀ ń lọ sí ọpọlọ rẹ̀ dáadáa, ojú rẹ̀ ń là. Tó bá di alẹ́, oorun gidi á gbé e lọ, ẹ̀kọ́ ọ̀sán sì ń fìdí múlẹ̀ lórí oorun bẹ́ẹ̀. Ọmọ tó jókòó láti aago mẹ́jọ òwúrọ̀ dé aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́, tó tún bọ́ sí lẹ́sìn (ẹ̀kọ́ àfikún), tó délé tó tún di fóònù mú, ara rẹ̀ kò rẹ̀, ọkàn rẹ̀ nìkan ló rẹ̀. Ó sùn bí ẹni tí kò sùn. Àjọ Ìlera Àgbáyé ní kí ọmọ ọdún márùn-ún sí mẹ́tàdínlógún máa fi wákàtí kan lójúmọ́ ṣe ohun tó ń mú èémí gbóná. Nínú àwọn ọ̀dọ́ ọdún 11 sí 17 káàkiri àgbáyé, ó lé ní mẹ́jọ nínú mẹ́wàá tí kò ṣe tó bẹ́ẹ̀, gẹ́gẹ́ bí ìṣirò 2016.

Ẹ má sì ṣe rò pé ọ̀rọ̀ òyìnbó ni mo gbé wá bí mo ṣe ń sọ pé ìlò ara ń ran ọkàn lọ́wọ́. Abẹ́òkúta kò jìnnà síbí. Ní 1954, Dókítà Thomas Adéoyè Lambo, ọmọ Abẹ́òkúta fúnra rẹ̀, bẹ̀rẹ̀ ètò kan ní ilé ìwòsàn àrùn ọpọlọ ní Arò tí gbogbo ayé wá ń kọ́gbọ́n lára rẹ̀. Dípò kó ti àwọn tí orí wọn ń dààmú mọ́lé, ó fi wọ́n sílé àwọn ará abúlé tó yí ilé ìwòsàn ká, ọ̀kọ̀ọ̀kan pẹ̀lú ẹbí rẹ̀. Wọ́n ń lọ gba ìtọ́jú ní ilé ìwòsàn, wọ́n ń padà wá bá ará abúlé roko, wọ́n ń bá wọn ṣe ayẹyẹ. Oògùn wà níbẹ̀, òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n ọkọ́ náà wà níbẹ̀, ìrìn wà níbẹ̀, òógùn ojú wà níbẹ̀, èèyàn sì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹni. Nígbà tó ṣe, ní 1999, James Blumenthal àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ní Yunifásítì Duke gbé ìwádìí tiwọn jáde lórí àgbàlagbà 156 tí ìrẹ̀wẹ̀sì ọkàn bá jà. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mẹ́rìndínlógún, ara àwọn tó ń ṣe eré ìdárayá yá tó ti àwọn tó ń lo oògùn. Ohun tí wọ́n rí ní Duke kò ní í ya Lambo lẹ́nu.

Wàyí o, ẹ jẹ́ kí n dé ibi tó ń bí mi nínú jù. Nílé-ìwé wa, níbo ni ọmọ ti ń lo ara rẹ̀ gan-an? Nínú ìyà ni. Ẹni tó pẹ́ dé, kó lọ gé koríko. Ẹni tó pariwo, kó fò bí ọ̀pọ̀lọ́ yí kíláàsì ká. Ẹni tí kò ṣe iṣẹ́ àṣetiléwá, kó kúnlẹ̀, kó na ọwọ́ méjèèjì sókè. A kọ́ wọn láti kékeré pé ìjókòó ni ẹ̀san, pé bí ara bá ti ń mì, ẹ̀ṣẹ̀ ló fà á. Tí ọmọ náà bá wá pé ogójì ọdún tí dókítà ní kó máa rìn nítorí ẹ̀jẹ̀ ríru, ṣé ẹ̀ ń retí pé kínú rẹ̀ dùn? Tai Solarin, tó fi Molusi College ní Ìjẹ̀bú-Igbó sílẹ̀ tó lọ dá ilé-ìwé Mayflower sílẹ̀ ní Ìkẹ́nẹ́ ní oṣù kìíní 1956, kò ka oko sí ìyà. Òun alára ń wọ ṣòkòtò péńpé rẹ̀, ó ń bá àwọn akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ gbé ọkọ́ àti àdá. Àwọn ọmọ náà roko, wọ́n sì gbégbá orókè nínú ìwé. Yunifásítì tó ń jẹ́ orúkọ rẹ̀, tí wọ́n ti ń kọ́ àwọn olùkọ́, wà nítòsí wa ní Ìjagun. Bí mo bá jẹ́ ọ̀gá ibẹ̀, olùkọ́ kankan kò ní í gbàwé-ẹ̀rí lọ́wọ́ mi tí kò bá lè kó ogójì ọmọ jáde fún eré láìmú pàṣán dání.

Tọmọbìnrin tún burú. Bó bá ti ń tó ọdún méjìlá, gbogbo ilé á bẹ̀rẹ̀ sí í sọ fún un pé obìnrin kì í sá kiri. Falilat Ògúnkọ̀yà, ọmọ ìpínlẹ̀ Ògùn yìí, sáré 400 mítà nínú ìdíje Òlíńpíìkì ní Atlanta ní 1996, ó parí rẹ̀ ní ìṣẹ́jú àáyá 49.10, ó gbàmì-ẹ̀yẹ idẹ. Lọ́jọ́ mélòó kan sí i, òun àtàwọn obìnrin mẹ́ta gba fàdákà nínú eré ìfigigbáralọ́wọ́. Mo mọ èsì bàbá inú ìpàdé: ó ní nǹkan tó ń lé. Bẹ́ẹ̀ ni, Pérec àti Freeman, àwọn méjì tó ṣíwájú rẹ̀ lọ́jọ́ náà, ló ń lé. Ṣùgbọ́n kó tó dé Atlanta, ẹnìkan ti kọ́kọ́ jẹ́ kó sáré nígbà tí kò sí nǹkan kan níwájú rẹ̀.

Ibẹ̀ gan-an ni mo ti ní ìjà pẹ̀lú òwe náà. Nínú ẹ̀gún, ó tọ́, n kò jiyàn. Pápá kì í ṣe ẹ̀gún. Ká tiẹ̀ fi ẹ̀gún sílẹ̀, òwe náà mọ irú eré méjì péré: èyí tí a fi ń lé nǹkan, àti èyí tí a fi ń sá fún nǹkan. Ẹ wo ọmọ ewúrẹ́ láàárọ̀ tí oòrùn bá yọ, bó ṣe ń fò láti orí odi bọ́ sílẹ̀. Ta ló lé e? Àwa àgbà náà ńkọ́? Lọ́jọ́ kẹta Iléyá, níbi ayẹyẹ Ojúde Ọba, ẹ ń rí àwọn ìyá inú rẹ́gbẹ́rẹ́gbẹ́ (ẹgbẹ́ ọjọ́-orí), tí ọmọ-ọmọ wọn ti ń lọ Yunifásítì, tí wọ́n ń jó nínú oòrùn pẹ̀lú aṣọ olówó iyebíye, tí ìlù bá yí padà tí ẹsẹ̀ náà á yí padà. Kò sí ẹni tó béèrè ohun tó ń lé wọn. Ayọ̀ ni. Ìdí kẹta tí èèyàn fi ń sáré nìyẹn, òwe kò mẹ́nu bà á, mo sì gbà pé ó ṣìnà níbẹ̀.

Bí a bá sì fẹ́ tẹ̀ lé òwe náà délé, ọmọ tó jókòó yẹn gan-an ni nǹkan ń lé. Common Entrance ń lé e lórí àga. Ẹ ò rí wọn ni? Ọmọ tí inú ń run láàárọ̀ ìdánwò nìkan. Ọmọ tó ń jẹ èékánná rẹ̀ dé ẹran. Ọmọ ọdún mẹ́wàá tó padà ń tọ̀ sílé. Ìyá á ní ibà ni, á ra oògùn ibà. Tí kò bá lọ, á gbé e lọ fún àdúrà. Èmi kò ní kẹ́nikẹ́ni má gbàdúrà. Ṣùgbọ́n tí ọmọ bá dákẹ́ jù fún ọ̀sẹ̀ méjì mẹ́ta, tí kò jẹun, tí ohun tó fẹ́ràn kò wù ú mọ́, tàbí tó ń sọ pé ayé sú òun, ẹ má ṣe sọ pé kó lọ sáré káàkiri kó tó yá. Ẹ mú un lọ rí dókítà. Arò ṣì wà, wọ́n ń tọ́jú ọmọdé. Eré a máa ran ìtọ́jú lọ́wọ́, kì í gba ipò rẹ̀.

Ilé-ìwé tí kò ní pápá kò ní àwáwí. Ó lè háyà pápá ilé-ìwé ìjọba tó wà nítòsí lẹ́ẹ̀mejì lọ́sẹ̀. Owó tí wọ́n ń gbà lórí lẹ́sìn nìkan tó o. Kí wọ́n fi eré sí àárọ̀ kí oòrùn tó mú, kí ìṣirò tẹ̀ lé e, kí wọ́n wo ojú àwọn ọmọ. Òbí tí ilé rẹ̀ kò jìnnà, tí ọ̀nà kò sì léwu ọ̀kadà, kó bá ọmọ rẹ̀ fẹsẹ̀ rìn lọ dípò kó máa fi mọ́tò já a sílẹ̀. Lọ́jọ́ Sátidé, kí bàbá gbé bọ́ọ̀lù kó tó gbé fóònù.

Àwọn ẹgbẹ́ akẹ́kọ̀ọ́ àná wa, ẹ̀yin tí ẹ fẹ́ràn kí orúkọ yín wà lára nǹkan, géètì tí ẹ ti kọ́ sẹ́nu ilé-ìwé tó. Ẹ ro pápá tó ti di igbó, ẹ ri òpó góòlù méjì síbẹ̀, ẹ ra bọ́ọ̀lù ọkùnrin àti tobìnrin, ẹ sanwó fún olùkọ́ eré kan fún ọdún kan gbáko. Bí ẹ bá fẹ́, ẹ kọ orúkọ sẹ́ẹ̀tì yín gàdàgbà sára òpó góòlù náà, mo wà lẹ́yìn yín.