Ìdìbò Kan ní Èkó, Ọdún 1941

Ìdìbò àfidípò ni èyí tí ìjọba máa ń ṣètò nígbà tí àga aṣòfin bá ṣófo kí sáà rẹ̀ tó pé, ìbáà jẹ́ pé ẹni tó wà níbẹ̀ kú ni tàbí pé ó fi ipò náà sílẹ̀. Irú rẹ̀ kan wáyé ní Èkó lọ́dún 1941; àga kan ṣoṣo ni wọ́n dù níbẹ̀, síbẹ̀ òun ló fọ́ ẹgbẹ́ òṣèlú tó lágbára jù lọ nílùú náà.

Òfin tí Gómìnà Hugh Clifford gbé kalẹ̀ lọ́dún 1922 ló yọ̀ǹda àga mẹ́ta fún Èkó àti ẹyọ kan fún Kàlàbá nínú Ìgbìmọ̀ Aṣòfin. Ọkùnrin tó ń rí £100 ó kéré tán lọ́dún nìkan ló lè dìbò, nítorí náà ìyálọ́jà tó lówó ju akọ̀wé ìjọba lọ kò lẹ́nu ọ̀rọ̀ níbẹ̀. Ẹgbẹ́ Ọ̀dọ́ Nàìjíríà, tí wọ́n dá sílẹ̀ lọ́dún 1934, ló gba àga mẹ́tẹ̀ẹ̀ta lọ́wọ́ ẹgbẹ́ Herbert Macaulay lọ́dún 1938.

Nígbà tí Dókítà Kòfowórọlá Abáyọ̀mí, ọ̀kan nínú àwọn aṣòfin ẹgbẹ́ náà, fi àga tirẹ̀ sílẹ̀ kí ó lè lọ kẹ́kọ̀ọ́ sí i nípa ìtọ́jú ojú nílùú Òyìnbó, ọmọ ẹgbẹ́ méjì ló fẹ́ rọ́pò rẹ̀: Ernest Ikoli, ọmọ ẹ̀yà Ìjọ láti Nembe, tó ti jẹ́ olóòtú àkọ́kọ́ fún ìwé ìròyìn Daily Times, àti Samuel Akísànyà, ọmọ Ìsarà ní Ìjẹ̀bú-Rẹ́mọ. Ikoli ni ìgbìmọ̀ aláṣẹ ẹgbẹ́ fà kalẹ̀. Akísànyà kọ̀, ó dá dúró láti du àga náà, Ikoli sì borí. Nnamdi Azikiwe, tó ti Akísànyà lẹ́yìn, bínú fi ẹgbẹ́ sílẹ̀, ọ̀pọ̀ ọmọ Igbo àti Ìjẹ̀bú sì bá a jáde, wọ́n ní torí pé Akísànyà jẹ́ Ìjẹ̀bú ni wọn kò ṣe mú un.

Ìjà ẹ̀yà ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ń pè é títí di òní, ṣùgbọ́n àlàyé yìí kò kájú ọ̀rọ̀ náà, nítorí Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀, ọmọ Rẹ́mọ bíi ti Akísànyà, ẹ̀yìn Ikoli ló wà. Ohun tí kò yẹ kí a gbójú fò ni ìdíje láàárín ìwé ìròyìn méjì, ìyẹn West African Pilot ti Azikiwe àti Daily Service, tó jẹ́ ti ẹgbẹ́, tí Ikoli sì ti ṣe olóòtú rẹ̀. Akísànyà ní tirẹ̀ kò pẹ́ nínú òṣèlú Èkó lẹ́yìn náà: ọdún 1941 yẹn kan náà ló jọba, tó di Ọdẹmọ ti Ìsarà.