Dídì àti Títú: Bí Ojú Ọjọ́ Ṣe Ń Rìnrìn Àjò

Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́, ọ̀rọ̀-ìṣe méjì ni a ó fi ṣe ẹ̀kọ́ yìí: dì àti tú. Ìyá alátà máa ń di ẹrù rẹ̀ kí ó tó lọ sọ́jà. Tó bá débẹ̀, á tú u. A máa ń di irun, a sì máa ń tú u. Ẹ kíyè sí ohùn: bí ọ̀rọ̀-orúkọ bá tẹ̀lé dì, ó di ohùn àárín (di ẹrù); bí arọ́pò-orúkọ bá tẹ̀lé e, ohùn ìsàlẹ̀ rẹ̀ kò yí padà (dì í). Wọ̀n náà ń ṣe bẹ́ẹ̀: wọn òjò, wọ̀n ọ́n.

A tún máa ń tú àrokò, bó tilẹ̀ jẹ́ pé pípa ni à ń pa á, a kì í dì í. Láyé àtijọ́, ẹni tó bá fi owó ẹyọ mẹ́fà ránṣẹ́ sí yín ń sọ pé ọkàn òun fà sí yín, nítorí mẹ́fà àti fà jọra létí. Ẹni tí kò gbọ́ Yorùbá yóò kan ka owó náà, yóò sì ná an.

Ní Moncalieri, lẹ́bàá Turin ní àríwá Ítálì, àlùfáà kan tó ń jẹ́ Francesco Denza dá ibùdó ìwojú ọjọ́ sílẹ̀ ní 1859 nínú Real Collegio Carlo Alberto. Ó kó àwọn ibùdó orí òkè Alps àti Apennines mọ́ra. Wọ́n ń wọn ooru àti òjò, wọ́n ń fi í ránṣẹ́ sí i, òun náà sì ń tẹ̀ ẹ́ jáde. Ní Padua, Giovanni Poleni ti bẹ̀rẹ̀ irú iṣẹ́ yìí láti 1725. Ṣùgbọ́n ìwé àkọsílẹ̀ tí kò sọ irú ìwọ̀n tí wọ́n lò dà bí owó ẹyọ lọ́wọ́ àlejò.

Lónìí, Àjọ Ìmọ̀ Ojú Ọjọ́ Àgbáyé, WMO, ti ṣe tábìlì tí gbogbo orílẹ̀-èdè ń lò. Ọ̀kan nínú ọ̀nà ìdì wọn ni BUFR. Àrokò BUFR kọ̀ọ̀kan bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú lẹ́tà mẹ́rin yẹn, ó sì parí sí 7777. Ẹ jẹ́ ká di ooru ìwọ̀n 27 ti Celsius. A ó fi 273.15 kún un, yóò di 300.15 ti Kelvin. Nọ́ńbà 012101 nínú tábìlì ní kí a sọ ọ́ di ìlọ́po 100, kí a sì kọ ọ́ sí àyè 16 tó jẹ́ 0 tàbí 1. Ó di 30015.

Bí àyè 16 náà bá jẹ́ kìkì 1, ìyẹn 65535, kì í ṣe ooru rárá: a kò rí i wọ̀n ni. Ẹni tí kò mọ̀ yóò tú u sí ìwọ̀n 382 ti Celsius, gbogbo ayé yóò sì rí àṣìṣe náà. Èyí tó ń bà mí lẹ́rù ni òjò. Bí ètò kọ̀ǹpútà kan bá sọ "a kò wọ̀n ọ́n" di òdo, ẹni tó ń kà á yóò rò pé "òjò kò rọ̀". Òdo kì í pariwo. Ní Ìbàdàn, níbi tí odò Ògùnpa ti kún tó sì pa ọ̀pọ̀ ènìyàn ní 1980, gbólóhùn méjì yìí kò gbọdọ̀ dàrú mọ́ra wọn lójú.

Ìdí nìyí tí a kì í fi ọwọ́ lásán tú u. Láíbìrì kọ̀ǹpútà ló ń ṣe é. Ẹ má ronú ilé ìkàwé, àpótí irinṣẹ́ ni. Ọ̀kan ni ecCodes, iṣẹ́ àjọ ECMWF, tí kọ̀ǹpútà ńlá wọn wà ní Bologna. Ọ̀fẹ́ ni, fún akẹ́kọ̀ọ́ Padua àti ti Àkúrẹ́ bákan náà. Bí ẹ bá pe bufr_dump nínú rẹ̀, á tú ẹrù náà sílẹ̀ lójú yín.

Ìdánrawò: fún ibi tí ìlú wà sí àríwá, tábìlì ní kí a fi 90 kún ìwọ̀n rẹ̀, kí a sọ ọ́ di ìlọ́po 100000. Moncalieri wà ní nǹkan bí 45, ó di 13500000. Ẹ tú èyí: 9738000. Ẹ wo máàpù, kí ẹ dárúkọ ìlú Yorùbá ńlá kan tó wà lórí ìlà náà, kí ẹ sì ṣàlàyé bí ẹ ṣe tú u ní gbólóhùn mẹ́ta.