Ìtumọ̀ Ọ̀rọ̀ Kan: "Helix"

Nígbà tí a bá ní kí akẹ́kọ̀ọ́ túmọ̀ helix, ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí kò wọ́pọ̀, ó lè yára kọ ọ́ pé "ohun tí ó ká". Ìtumọ̀ náà kò pé. Ọ̀rọ̀ mẹ́ta kan wà nínú èdè wa tí ó yẹ kí a kọ́kọ́ fi wé ara wọn.

Èkíní ni ká. Ohun tí ó yípo ara rẹ̀ sí ojú kan ni a ń sọ báyìí fún. Ejò a máa ká sílẹ̀. Alárù ní ọjà Ojúwoyè ní Múṣin a sì máa ká aṣọ ṣe òṣùká.

Èkejì ni lọ́ mọ́. Ìtàkùn iṣu a máa lọ́ mọ́ igi, a sì máa gòkè bí ó ti ń yí i po. Èyí gan-an ni helix. Bí ẹ bá kọ ọ́ pé ìtàkùn náà ká, òǹkàwé yóò rò pé ilẹ̀ ni ó wà, àti pé àgbẹ̀ kò ri igi fún un.

Ẹ̀kẹta ni òkòtó, èyí tí àwọn ọmọdé ń ta. Ohun tí ó yípo tí ó sì ń tín-ín-rín lọ títí ó fi ṣe ṣóńṣó ni a lè fi wé e.

Ní ọdún 1953, James Watson àti Francis Crick ṣàlàyé ní Cambridge pé DNA, tí ó ń gbé àbùdá òbí dé ara ọmọ, dà bí okùn méjì tí ó lọ́ mọ́ ara wọn. Ẹ kíyè sí i pé ọ̀rọ̀ àgbẹ̀ ni ó gbé ìtumọ̀ náà jáde.

Iṣẹ́ ṣíṣe: Ẹ fi ọ̀rọ̀ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ṣe gbólóhùn kọ̀ọ̀kan.