Gbígbọ́ Ohùn Ẹni tí Ó Ti Kú

Ẹni tí ó bá ti gbé ilẹ̀ Rẹ́mọ ní àkókò ọdún Orò yóò mọ bí ìlú ti máa ń rí ní alẹ́ ọjọ́ náà. Ọjà a tú, àwọn obìnrin a wọlé, wọn a ti ìlẹ̀kùn, gbogbo àdúgbò a sì dákẹ́ rọ́rọ́. Láti inú òkùnkùn ni igbe kan yóò ti máa bọ̀, yóò lọ sókè, yóò tún rọlẹ̀, bí ẹni pé afẹ́fẹ́ gan-an ni ó ń ké. Bí ọmọdé bá béèrè ohun tí èyí jẹ́, àgbà a sọ fún un pé àwọn baba ńlá wa ni ó ń fọhùn.

Bẹ́ẹ̀ náà ni Egúngún, tí a ń pè ní ará ọ̀run, kì í fi ohùn ẹ̀dá alààyè sọ̀rọ̀. Láyé àtijọ́, ní àwọn ìlú Yorùbá kan, bí a bá ti sin àgbà ilé tán, Egúngún kan a jáde wá ní àwòrán olóògbé náà. A fara wé ìrìn rẹ̀ àti ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀, a pe àwọn ọmọ ní orúkọ, a sì súre fún wọn. Àwọn náà a máa sunkún, wọn a máa ṣe àṣẹ. Kí ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ má ṣe fi èyí rẹ́rìn-ín. Ẹni tí ọ̀fọ̀ bá ti ṣẹ̀ rí mọ̀ pé ojú olóògbé a máa pẹ́ lọ́kàn ẹni, ṣùgbọ́n ohùn rẹ̀ kì í pẹ́ sá lọ.

Àwọn òyìnbó pàápàá wá ọ̀nà tí wọn yóò fi dá ohùn dúró. Ní ọdún 1877, Thomas Edison, ará Amẹ́ríkà, ṣe ẹ̀rọ kan tí ó lè gba ohùn sílẹ̀, tí ó sì lè sọ ọ́ jáde padà. Bí ẹ bá fi ọwọ́ kan awọ gángan nígbà tí ẹnìkan ń pariwo nítòsí rẹ̀, ẹ ó rí i pé awọ náà ń gbọ̀n. Ohun tí Edison lò nìyẹn. Ó jẹ́ kí ohùn máa gbọn ohun pẹlẹbẹ kan tí ó fẹ́lẹ́, ó so abẹ́rẹ́ mọ́ ọn, abẹ́rẹ́ náà sì ń fi àpá sí ara tánganran fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ tí a wé mọ́ àgbá kékeré kan tí ń yí. Nígbà tí ó dá abẹ́rẹ́ padà sí ìbẹ̀rẹ̀ àpá náà, tí ó sì tún yí àgbá, ọ̀rọ̀ tí ó ti sọ sí i jáde padà. Ní ọdún 1878, nígbà tí ó ń ka oríṣiríṣi iṣẹ́ tí ẹ̀rọ yìí lè ṣe, ó dárúkọ pípa ọ̀rọ̀ ìkẹyìn àwọn tí ń kú lọ mọ́.

Èyí kò tó o. Ní ọdún 1920, nígbà tí Ogun Àgbáyé Kìn-ín-ní ti sọ àìmọye ìyá di aláìlọ́mọ, Edison sọ fún àwọn oníwèé ìròyìn pé òun ń ṣe ẹ̀rọ mìíràn, èyí tí etí rẹ̀ yóò mú tó bẹ́ẹ̀ tí òkú, bí ó bá wà níbì kan tí ó sì fẹ́ bá aráyé sọ̀rọ̀, yóò fi lè ṣe bẹ́ẹ̀. Ó kú ní ọdún 1931, kò sì sí ẹni tí ó rí ẹ̀rọ náà. Àwọn kan tilẹ̀ ní àwàdà ni ó fi àwọn oníwèé ìròyìn ṣe.

Ẹ̀rọ ti àkọ́kọ́ ni ó wúlò fún wa. Ní ọdún 1922, Àlùfáà J. J. Ransome-Kuti, ọmọ Ẹ̀gbá, kọ orin ẹ̀sìn 43 ní èdè Yorùbá sínú àwo giramafóònù ní Lọ́ńdọ̀nù. Ó kú ní ọdún 1930. Fẹlá olórin, ọmọ ọmọ rẹ̀, ni a bí ní ọdún 1938. Kò fojú kan bàbá àgbà yìí rí, ṣùgbọ́n ohùn náà wà nínú àwo.

Ẹ jẹ́ kí a padà sí Rẹ́mọ. Ìkẹ́nnẹ́ ni a bí Olóyè Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ sí ní ọdún 1909, ibẹ̀ náà ni ó kú sí ní ọdún 1987, ibẹ̀ ni ibojì rẹ̀ sì wà. Ẹni tí ó bá fẹ́ mọ bí ó ti ń sọ̀rọ̀ yóò rí i gbọ́, nítorí a gba púpọ̀ nínú ọ̀rọ̀ rẹ̀ sílẹ̀. Bàbá rẹ̀, David Awólọ́wọ̀, jẹ́ àgbẹ̀ tí ó tún ń la pákó. Òun kú ní ọdún 1920, ọdún kan náà tí Edison ń sọ̀rọ̀ ẹ̀rọ àwọn òkú. Kò sí ẹ̀rọ kankan tí ó gba gbólóhùn kan lẹ́nu rẹ̀. Ìlú kan náà, bàbá àti ọmọ: ọ̀kan ń fọhùn, èkejì dákẹ́.

Síbẹ̀, a lè bi Egúngún léèrè ọ̀rọ̀, kí ó sì dáhùn. Ẹ̀rọ kò ní etí. Ilé wa ní Ṣágámù ni mo ti kọ́ èyí. Oníṣòwò obì ni bàbá àgbà mi, ó máa ń kó obì lọ sí Kánò. Nígbà tí ó di arúgbó, ẹ̀gbọ́n mi gbé ẹ̀rọ agbóhùnsílẹ̀ síwájú rẹ̀, ó sì gba ìtàn ìrìn àjò rẹ̀ sínú kásẹ́ẹ̀tì. Ọdún kẹta lẹ́yìn ikú rẹ̀ ni ìjà ààlà oko obì dé láàárín àwa àti àwọn ìbátan wa, kò sì sí ẹni tí ó mọ ibi tí ilẹ̀ wa parí sí. Ìyá àgbà ní kí a gbé kásẹ́ẹ̀tì náà wá.

Bí ohùn bàbá ti jáde, ìyá kúnlẹ̀, ó ní, “Ẹ kú àtijọ́ o, baálé mi.” Bàbá ń sọ̀rọ̀ nípa ọkọ̀ ojú irin àti òtútù ọyẹ́. Ìyá dúró títí ó fi sinmẹ̀dọ̀, ó ní, “Igi obì méje tí ó wà lẹ́bàá odò, ṣé tiwa ni, àbí ti ẹ̀gbọ́n yín?” Bàbá ní apẹ̀rẹ̀ obì mẹ́rin ni ó bàjẹ́ mọ́ òun lọ́wọ́ ní ọdún náà. Ìyá tún bi í. Bàbá wúkọ́, ó rẹ́rìn-ín, ó sì ń bá ìtàn rẹ̀ lọ.

Àwa ọmọ kò lè wo ara wa lójú. Ẹ̀gbọ́n mi nawọ́ láti pa ẹ̀rọ náà, ìyá sì gbá ọwọ́ rẹ̀ kúrò. Ní ti igi obì, àwọn àgbà ìdílé ni ó parí rẹ̀ nígbẹ̀yìn: wọ́n fún wa ní mẹ́ta, wọ́n fún wọn ní mẹ́rin. Ṣùgbọ́n ní alẹ́ ọjọ́ tí mo ń wí yìí, nígbà tí ọ̀rọ̀ bàbá tán, tí kò ku nǹkan kan mọ́ bí kò ṣe pé kásẹ́ẹ̀tì ń yí lásán, ìyá ní kí a dá a padà sí ìbẹ̀rẹ̀.